Wọ́n fẹ́ wó ilé amọ̀ bàbá-bàbá mi n'Ìkẹ́rẹ́, ẹ wá wo bí ti àwọn Lárúbáwá ṣe ń dúró

ỌmọOlósùnta

Èkìtì kete, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Ẹ jọ̀ọ́ ọ̀rọ̀ kan ń jẹ mí lọ́kàn ni mo ṣe gbé e wá síbí. Ilé bàbá-bàbá mi ṣì wà n'Ìkẹ́rẹ́, ilé amọ̀ ni, ògiri ẹ̀ nípọn gan-an, ọ̀dẹ̀dẹ̀ gígùn wà níbẹ̀, àgbàlá wà láàárín, pán-ún orí ẹ̀ ti dípẹtà, ẹnìkan ti fi sìmẹ́ǹtì rẹ́ iwájú ẹ̀ nígbà kan àmọ́ ó ti ń bó. Mọ̀lẹ́bí ṣe mítìn nígbà Àjíǹde, wọ́n ní ká wó o, ká fi búlọ́ọ̀kù kọ́ fúláàtì síbẹ̀, pé ilé amọ̀ ń dójú ti ẹbí. Èmi ò fẹ́ kí wọ́n wó o. Ẹni tó bá wọ inú ilé yẹn lọ́sàn-án gangan nígbà ẹ̀ẹ̀rùn á rí i pé ó tutù ju fúláàtì tí mò ń gbé l'Adó lọ, kò sì sí fáànù níbẹ̀ débi AC.

Ohun tó wá jẹ́ kí n sọ̀rọ̀ ni pé mo rí fọ́tò ìlú kan ní Yémẹ́nì tí wọ́n ń pè ní Shibam. Ẹ̀yin èèyàn mi, ilé amọ̀ ni gbogbo ẹ̀ o! Òmíràn ga tó àjà méje, wọ́n tò ó tira wọn gbágbáágbá láàárín aṣálẹ̀. Àgbàrá ló gbé púpọ̀ nínú ìlú náà lọ ní nǹkan bí ọdún 1532, ẹ̀yìn ìyẹn ni wọ́n kọ́ ọ̀pọ̀ èyí tó wà níbẹ̀ báyìí, èèyàn ṣì ń gbé inú wọn dòní, àjọ àgbáyé UNESCO sì ti kọ ọ́ mọ́ ogún gbogbo ayé láti 1982. Amọ̀ tí wọ́n po pọ̀ mọ́ koríko gbígbẹ ni, oòrùn ni wọ́n fi gbẹ ẹ́, wọn ò sun ún níná. Tiwa tí ò tiẹ̀ ní pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, a ní ó ń dójú tì wá.

Báwo ni wọ́n ṣe ń ṣe é? Kí ló wà nínú ilé àtijọ́ àwọn Lárúbáwá tí àwa náà lè lò? Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti gbé ọ̀hún rí, ẹ̀yin tẹ́ ẹ kọ́ iṣẹ́ ilé yíyà, ẹ̀yin bíríkìlà, ẹ jọ̀ọ́ ẹ bá mi dá sí i, mo ní láti rí nǹkan sọ fún àwọn bàbá kí wọ́n tó tún jókòó.

AlhajiÌdó

Ọmọ mi, o káre. Mo ṣiṣẹ́ ní Jíddà fún ìgbà díẹ̀ kí n tó padà wá sílé sí Ìdó, ọ̀rọ̀ yìí sì kàn mí. Àwọn èèyàn wa tó ń lọ sí Háájì, ọ̀pọ̀ nínú wọn ń gba Jíddà kọjá, wọ́n á bọ́ nínú bàálù, wọ́n á wọ bọ́ọ̀sì, ó di Mẹ́kà, wọn ò mọ̀ pé ìlú àtijọ́ kan wà níbẹ̀ tí wọ́n ń pè ní al-Balad. Bí Ọlọ́run bá tún gbé yín dé ọ̀hún, ẹ ya ibẹ̀, ẹ rìn ín.

Ilé ibẹ̀ kì í ṣe amọ̀. Òkúta iyùn tí wọ́n gbẹ́ jáde létí Òkun Pupa ni wọ́n fi mọ ọ́n, ó fúyẹ́, ó ní ihò wẹ́ẹ́wẹ̀ẹ̀wẹ́ lára. Wọ́n á mọ ọ́n ga díẹ̀, wọ́n á tẹ́ pákó gbọọrọ sórí ẹ̀ yíká, wọ́n á tún mọ òmíràn lé e, wọ́n á tún tẹ́ pákó, pákó yẹn ló ń di ògiri mú tí kì í fi í ya nígbà tí ilẹ̀ bá ń rì. Àmọ́ ohun tí ojú ẹni á kọ́kọ́ rí ni fèrèsé. Rawashin ni wọ́n ń pè é, àpótí igi ńlá tó yọ síta lára ògiri, òmíràn bẹ̀rẹ̀ látìsàlẹ̀ dé òkè àjà kẹrin, gbogbo ara ẹ̀ fínfín ni, igi tíìkì tí ọkọ̀ ojú omi ń kó wá láti apá Íńdíà ni wọ́n fi ṣe é, tíìkì kan náà tí wọ́n ń gbìn sínú igbó lọ́dọ̀ wa níbí tá à ń fi ṣe òpó iná. Èèyàn lè jókòó sínú ẹ̀, kí atẹ́gùn òkun máa fẹ́ sí i lára, á máa wo ìgboro, ẹni tó wà ní ìgboro ò ní rí i.

Ilé kan wà níbẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Ilé Nasseef. Ọdún 1872 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ọ, yàrá ẹ̀ jẹ́ 106. Wọ́n ní àtẹ̀gùn ẹ̀ fẹ̀, kò sì ga lẹ́sẹ̀, débi pé ràkúnmí lè gbé ẹrù gùn ún dé òkè. Nígbà tí Ọba Abdulaziz gba Jíddà ní 1925, ibẹ̀ ló dé sí. Ẹ sì mọ igi tó wà lẹ́nu ọ̀nà ẹ̀? Dóńgóyárò ni! Fún ìgbà pípẹ́ òun nìkan ni igi tó wà nínú ìlú àtijọ́ yẹn, gbogbo ayé fi ń júwe ilé náà. Ìgbà tí mo kọ́kọ́ rí i, mo dúró síbẹ̀ títí, ó ṣe mí bíi pé mo wà nílé.

Mo fẹ́ kó o sọ eléyìí fún àwọn bàbá ẹ: àwọn ará Jíddà náà sọ ohun tí wọ́n ń sọ yẹn. Wọ́n wó odi ìlú ní 1947, owó epo dé, àwọn olówó kó jáde lọ sí ilé ńlá lẹ́yìn ìlú, wọ́n fi ilé àtijọ́ sílẹ̀ fún ayálégbé, kò sẹ́ni tó ń tún un ṣe, òmíràn wó lulẹ̀, iná jó òmíràn. Ọdún 2014 ni UNESCO tó kọ al-Balad mọ́ ogún ayé, ìjọba wá ń náwó sí i báyìí pé kí wọ́n tún èyí tó kù ṣe. Èyí tó ti lọ ti lọ nìyẹn.

Adéwùmí_Ọ̀yẹ́

Ẹ ṣeun Alhaji. Mi ò mọ ìkankan nínú eléyìí o, gbogbo ohun tí mo mọ̀ nípa ilé Lárúbáwá ò ju ilé gíláàsì gíga Dùbáì lọ.

AyàléL'Adó

@Adéwùmí, Dùbáì gan-an ní ilé àtijọ́, ní àdúgbò Al Fahidi létí omi. Wọ́n ti wó bí ìdajì àdúgbò náà láàárín ọdún 1980 sí 1990 kí wọ́n tó dá a dúró, ìdajì tó kù ni àwọn àlejò ń san owó bàálù wá wò báyìí. Lórí ilé yẹn ẹ máa rí ilé-ìṣọ́ kékeré kan tó ṣí sílẹ̀ ní ẹ̀gbẹ́ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, barjeel ni wọ́n ń pè é. Atẹ́gùn ni wọ́n fi ń mú. Ibi yòówù kí atẹ́gùn ti fẹ́ wá, á bọ́ sínú ẹ̀, á sọ̀ kalẹ̀ sínú yàrá, afẹ́fẹ́ gbígbóná á gba ẹ̀gbẹ́ kejì jáde. Ní Káírò, ojú kan ṣoṣo ni wọ́n máa ń dá sí tiwọn, wọ́n á kọjú ẹ̀ sí àríwá nítorí ibẹ̀ ni atẹ́gùn tútù ti ń wá níbẹ̀, malqaf ni orúkọ ẹ̀.

Ọ̀gá tó ni ìbéèrè, iṣẹ́ ilé yíyà ni mò ń ṣe, ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé ìdí tí ilé bàbá-bàbá yín fi tutù nítorí nǹkan kan náà ló mú ti àwọn Lárúbáwá tutù. Ògiri tó nípọn, oòrùn máa ń pẹ́ kó tó wọ inú ẹ̀ já. Ooru tó gbà ní òwúrọ̀ ń rìn díẹ̀díẹ̀ nínú amọ̀, kó tó dé inú yàrá ilẹ̀ ti ṣú, ẹ ti lè ṣí fèrèsé. Búlọ́ọ̀kù oní-ínṣì mẹ́fà tí inú ẹ̀ ṣófo, tá a wá fi pán-ún lásán bò tí a ò fi síìlì sí, aago méjìlá ọ̀sán ooru ti wọlé tán, àwa á wá máa wá AC, iná ò sì sí.

Ìkejì ni àgbàlá. Ní Káírò ilé kan wà tí wọ́n ń pè ní Bayt al-Suhaymi, 1648 ni wọ́n kọ́ apá àkọ́kọ́ ẹ̀, mo fẹ́ràn ilé yẹn púpọ̀, mo lè fi ọjọ́ kan gbáko wo pláànù ẹ̀. Tó o bá gba ẹnu ọ̀nà wọlé, ọ̀nà náà á kọ́kọ́ ṣẹ́rí kó tó já sí àgbàlá, nítorí náà ẹni tó ń kọjá ní títì ò lè rí ìdílé tó wà nínú ilé, eruku títì náà ò sì lè wọlé tààrà. Gbogbo yàrá ló kọjú sí àgbàlá, igi wà níbẹ̀, omi wà níbẹ̀. Lóru, afẹ́fẹ́ tútù á sọ̀ kalẹ̀ sínú àgbàlá, torí pé afẹ́fẹ́ tútù wúwo, ògiri tó yí i ká á ṣíji bò ó, á wà níbẹ̀ títí dìgbà tí oòrùn á fi gùn òkè orí. Fèrèsé wọn ni mashrabiya, igi kéékèèké tí wọ́n rọ́ bìrìkìtì tí wọ́n to wọnú ara wọn, ihò tó wà níbi ojú kéré, ti òkè tóbi, ìmọ́lẹ̀ ń wọlé láìjẹ́ pé ó ń pani lójú. Wọ́n á tún gbé ìkòkò omi síbẹ̀, atẹ́gùn tó bá fẹ́ kọjá lára ìkòkò á tutù, omi náà á tutù. Àmù ìyá wa tó máa ń wà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, iṣẹ́ kan náà ló ń ṣe!

Àwa náà ní akódì. Ilé alágbàlá tí òrùlé ẹ̀ dagun sínú, òjò á rọ̀ sáàárín, wọ́n á gbé odù síbẹ̀ gba omi, ojúṣan á gbé ìyókù jáde. Ẹ wo bó ṣe jẹ́: ọ̀hún, ooru àti àìsí omi ni wọ́n ń bá jà, níbí, òjò ni, ìdáhùn wá sún mọ́ra. Àmọ́ ẹ má lọ gbé pláànù Káírò wá sí Ìkẹ́rẹ́ bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ o. Aṣálẹ̀ máa ń tutù gan-an lóru, tiwa kì í tutù tó bẹ́ẹ̀, afẹ́fẹ́ wa sì lọ́rinrin, atẹ́gùn tó ń gba yàrá kọjá láti ojú kan sí ojú kejì la nílò ju ohunkóhun lọ. Ilé bàbá-bàbá yín mọ èyí tẹ́lẹ̀, ẹni tó kọ́ ọ kò kọ́ ọ lásán.

Kọ́lájọ_Ìkọ̀lé

Mo bọ̀wọ̀ fún gbogbo ohun tí ẹ sọ, àmọ́ ẹ jẹ́ ká wo ojú kejì ọ̀rọ̀. Shibam tí ẹ̀ ń wò yẹn, òjò ńlá rọ̀ ní 2008, àgbàrá ba ilé jẹ́ níbẹ̀. Ogun Yémẹ́nì bẹ̀rẹ̀, ní 2015 UNESCO ní ó wà nínú ewu. Sana'a ní Yémẹ́nì náà bẹ́ẹ̀, ìlú tó rẹwà jù lójú tèmi láyé yìí, bíríkì pupa tí wọ́n fi ẹfun funfun ya iṣẹ́ ọnà yí fèrèsé ká, bọ́ǹbù já lu àdúgbò àtijọ́ ibẹ̀ ní 2015, ìdílé kú síbẹ̀. Ilé amọ̀ tí ò bá sẹ́ni tó ń tọ́jú ẹ̀ á padà di ilẹ̀. Ní Shibam ẹni tó nilé ló ń rẹ́ ẹ, ọmọ ẹ̀ á rẹ́ ẹ, ọmọ ọmọ ẹ̀ á rẹ́ ẹ. Nígbà tí agbára wọn ò gbé e mọ́, Jámánì bá wọn dá sí i ní nǹkan bí ọdún 2000, wọ́n bá àwọn onílé san apá kan owó àtúnṣe, kí wọ́n lè dúró sínú ilé wọn. Ta ló máa ṣe ìyẹn fún wa?

Nǹkan kejì: àkítẹ́ẹ̀tì Íjíbítì kan wà, Hassan Fathy, ògbóǹtarìgì ni, òun ló mú iṣẹ́ amọ̀ padà nígbà tí gbogbo èèyàn ń sáré tẹ̀ lé sìmẹ́ǹtì. Àwọn ọ̀mọ̀lé láti Núbíà, ní apá gúúsù Íjíbítì, tó mọ bí wọ́n ṣe ń fi bíríkì amọ̀ ṣe òrùlé rìbìtì láìlo pákó kankan ló kó wá. Ó kọ́ abúlé tuntun sí ẹ̀gbẹ́ Luxor, New Gourna, iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ ní 1945 sí 1946, ọ̀pọ̀ àwọn tí wọ́n kọ́ ọ fún kọ̀, wọn ò kó wá, nítorí ìjọba ló fẹ́ kó wọn kúrò níbi tí wọ́n ń gbé. Ilé dáa, ẹwà kún ibẹ̀, kò parí. Torí náà bí àwọn bàbá bá ń sọ pé fúláàtì làwọn fẹ́, ẹ fetí sí wọn dáadáa kẹ́ ẹ mọ ohun tó ń dùn wọ́n gan-an. Ó lè jẹ́ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ ni wọ́n ń fẹ́, ó lè jẹ́ owó ilé. Méjèèjì ṣeé ṣe láìwó ilé.

Bíríkìlà_Ìjẹ̀rọ̀

Ẹ kú iṣẹ́ o ẹ̀yin ọ̀gá. Ọ̀gá Kọ́lájọ ọ̀rọ̀ yín ń bẹ lójú ọ̀nà. Èmi ò kàwé púpọ̀ àmọ́ mo ti ṣe iṣẹ́ ilé amọ̀, bàbá mi ló kọ́ mi, kí sìmẹ́ǹtì tó wá gba gbogbo iṣẹ́.

Ọmọ Olósùnta gbọ́ mi. Sìmẹ́ǹtì tó ń bó níwájú ilé yín yẹn, òun gan-an ló ń pa ilé náà. Amọ̀ máa ń mu omi, ó sì máa ń tú u sílẹ̀, tó bá rọ̀ ó mu, tí oòrùn bá ràn ó gbẹ. Tí wọ́n bá wá fi sìmẹ́ǹtì dí i lójú, omi á gba ibi tó sán wọlé, kò ní rí ọ̀nà jáde, amọ̀ tó wà lẹ́yìn ẹ̀ á rọ̀ bí èkuru, ọjọ́ tí sìmẹ́ǹtì bá já bọ́ á fa amọ̀ dání. Àwọn èèyàn á wá ní ṣé ẹ rí i, ilé amọ̀ ò dáa. Ẹ yọ ọ́. Ẹ má fi òòlù gbá a o, díẹ̀díẹ̀ ni kẹ́ ẹ máa ṣí i. Amọ̀ ni kẹ́ ẹ fi rẹ́ ẹ padà, kẹ́ ẹ po koríko gígé mọ́ ọn dáadáa kó má baà sán, kẹ́ ẹ jẹ́ kó jẹrà fún ọjọ́ mélòó kan kẹ́ ẹ tó lò ó. Mo ti ṣiṣẹ́ dé Zaria, àwọn Hausa ibẹ̀ máa ń rẹ èèpo irúgbá sómi, wọ́n á fi omi ẹ̀ po èyí tí wọ́n máa fi rẹ́ ìta, omi òjò kì í tètè wọ̀ ọ́. Àwọn ará Shibam náà, mo gbọ́ pé ẹfun òkúta tí wọ́n sun ni wọ́n fi ń rẹ́ orí ilé wọn àti ìsàlẹ̀ ẹ̀ níbi tí omi ti ń ta sí i. Ẹ rí i pé wọ́n mọ ibi tí omi ti ń bá wọn jà.

Àmọ́ kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kan ògiri, òrùlé. Òrùlé, òrùlé, òrùlé. Tí pán-ún bá ń jò, ẹ má wulẹ̀ rẹ́ nǹkankan. Ẹ jẹ́ kó yọ síta dé ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta kí òjò má ta sí ògiri, òjò Èkìtì yàtọ̀ sí ti aṣálẹ̀. Láyé àtijọ́ ewé gbòdògì tàbí bẹẹrẹ ni wọ́n fi ń bò ó, ó máa ń wálẹ̀ gan-an, pán-ún dé a wá ń gé e kúrú torí owó. Lẹ́yìn náà ẹ yẹ igi òrùlé wò fún ikán. Kẹ́ ẹ wá gbẹ́ gọ́tà yí ilé ká kí omi má dúró sí ẹsẹ̀ ògiri. Ẹni tó bá ṣe mẹ́ta yìí, ilé á ju ọmọ ẹ̀ lọ láyé.

ÌyáOlùkọ́_Ìsẹ̀

Ẹ kú àlàyé o. Ìtàn ni mo fi ṣe iṣẹ́ olùkọ́ mi, ẹ jọ̀ọ́ ẹ gbà mí láyè kí n sọ tiwa, torí ará Ìkẹ́rẹ́ ló béèrè, Ìkẹ́rẹ́ sì ni ìtàn yìí ti ṣẹlẹ̀.

Ọlọ́wẹ̀ ará Ìsẹ̀, tó kú ní 1938, òun ló gbẹ́ òpó àti ilẹ̀kùn sí ààfin Ògògà, ọba Ìkẹ́rẹ́. Láàárín 1910 sí 1914 ló gbẹ́ àwọn òpó ọ̀dẹ̀dẹ̀ àgbàlá níbẹ̀, ọba jókòó lórí ìtẹ́, olorì dúró lẹ́yìn ẹ̀, ó tóbi ju ọba fúnra ẹ̀ lọ. Ilẹ̀kùn ẹ̀ náà, wọ́n gbé e lọ sí ibi àfihàn ńlá tí wọ́n ṣe ní Wembley ní 1924, àwọn Gẹ̀ẹ́sì rí i, ojú wọn ò kúrò lára ẹ̀, wọ́n bẹ ọba, wọ́n fún un ní àga ọba tí wọ́n ṣe ní ìlú wọn, ilẹ̀kùn wọ British Museum ó di èyí tó ń gbé ibẹ̀ dòní. Òpó kan nínú àwọn òpó yẹn wà ní Chicago. Àwọn èèyàn ń sanwó wọlé lọ wo ohun tó jẹ́ pé ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé amọ̀ ní Ìkẹ́rẹ́ ló gbé e ró! Tí wọ́n bá ní ilé amọ̀ ń dójú tini, ẹ sọ ìyẹn fún wọn.

Ẹ sì wo Èkó. Mọ́sálásí Shitta-Bey tí wọ́n ṣí ní 1894, João da Costa, ọ̀kan nínú àwọn Àgùdà tó padà wá láti Bùràsíìlì, ló kọ́ ọ, ó ṣì dúró, àwọn tó ń kírun níbẹ̀ ń tọ́jú ẹ̀. Ilé Ilojo Bar ní Tinubu, 1855, wọ́n ti kéde ẹ̀ ní ohun ìrántí orílẹ̀-èdè láti 1956, síbẹ̀ lóṣù kẹsàn-án 2016 wọ́n wó o ní ọjọ́ ìsinmi. Mo sunkún lọ́jọ́ yẹn, mo sọ ọ́ bó ṣe rí. Ìwé ìjọba ò gba ilé là, èèyàn tó ń gbé inú ẹ̀ tó sì fẹ́ràn ẹ̀ ló ń gbà á là. Àwọn ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tí owó kòkó kọ́ káàkiri Èkìtì, tí wọ́n fi sìmẹ́ǹtì ṣe òdòdó sí orí fèrèsé wọn, ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan báyìí, kò sẹ́ni tó ń yà wọ́n ní fọ́tò.

ỌmọOlósùnta

Ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin ọ̀gá, mo dọ̀bálẹ̀ fún gbogbo yín. Mo ti ka gbogbo ẹ̀ fún àbúrò bàbá mi lórí fóònù, nígbà tí mo dé ibi ọ̀rọ̀ Ìyá Olùkọ́ ó dákẹ́, ó wá ní ṣé òótọ́ ni òpó Ògògà wà ní Amẹ́ríkà. Ọ̀gá Kọ́lájọ, ẹ gba ibi tó tọ́ wò ó, mo bi í léèrè ohun tó ń dùn ún, ilé ìgbọ̀nsẹ̀ ni lóòótọ́, ó ní òun ò lè máa jáde lóru mọ́ pẹ̀lú orúnkún òun.

Ọ̀gá Bíríkìlà, tá a bá fẹ́ kọ́ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ mọ́ ọn, ṣé a lè so ó mọ́ ògiri amọ̀?

AyàléL'Adó

Ẹ má so ó mọ́ ọn. Ẹ kọ́ ọ sọ́tọ̀ sí ẹ̀gbẹ́ àgbàlá, kẹ́ ẹ fi òrùlé bo ọ̀nà tó lọ síbẹ̀ láti ọ̀dẹ̀dẹ̀. Kí omi má wà nítòsí ògiri yẹn rárá. Kẹ́ ẹ tó ṣe ohunkóhun, ẹ ya ilé náà ní fọ́tò yíká, ẹ wọn yàrá kọ̀ọ̀kan, mo máa bá yín ya pláànù ẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́, kí mọ̀lẹ́bí rí ibi tí gbogbo nǹkan máa wà lórí pépà.

Bíríkìlà_Ìjẹ̀rọ̀

Òótọ́ ló sọ. Ẹsẹ̀ bàtà mẹ́fà ó kéré tán sí ògiri. Kí ihò ṣáláńgá wà ní ìsàlẹ̀ ibi tí ilẹ̀ dagun sí, kó má jẹ́ òkè ilé. Tó bá di ẹ̀ẹ̀rùn ẹ pè mí, máa wá wo òrùlé yẹn kí òjò tó padà, owó ọkọ̀ nìkan ni kẹ́ ẹ fún mi.